Ọ̀rọ̀ Kan Tí Ọba Babur Fi Bo Ẹ̀gbọ́n Rẹ̀ Mọ́lẹ̀

Ní ọdún 2016 ni mo ra ìwé àlòkù kan lọ́wọ́ ọkùnrin tó ń pàtẹ ìwé sílẹ̀ ní Dùgbẹ̀, n'Ìbàdàn. Ẹ̀yìn ìwé náà ti ya, omi òjò sì ti lẹ àwọn ojú ewé kan mọ́ra. Ìtàn ìgbésí-ayé Babur ni, ọba tó tẹ ìjọba Mughal dó ní Íńdíà. Òun fúnra rẹ̀ ló fọwọ́ kọ ọ́ ní èdè Túrkì ilẹ̀ rẹ̀, kí àwọn ẹlòmíràn tó wá túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì. Owó ọkọ̀ mi ni mo fi rà á. Ẹsẹ̀ ni mo fi rìn dé Mọ́kọ́lá lọ́jọ́ náà, mo sì ń kà á lọ lójú ọ̀nà.

Babur ní oṣù Àwẹ̀ ọdún 899 ti àwọn Mùsùlùmí, ìyẹn 1494, ni òun jọba ní Fergana, ilẹ̀ kan ní àárín gbùngbùn Éṣíà, nígbà tí òun wà ní ọmọ ọdún méjìlá. Bàbá rẹ̀, Umar Shaikh, ló wà nínú ilé ẹyẹlé tó kọ́ sí etí ọ̀gbun ní ìlú Akhsi. Ilé náà ya, ọba àti ẹyẹlé rẹ̀ sì jọ lọ sísàlẹ̀. Lẹ́yìn èyí ni ọmọ wá ń sọ irú ẹni tí bàbá rẹ̀ jẹ́. Ó ní bàbá òun kúrú, ó sì sanra. Ẹ̀wù rẹ̀ máa ń fún un débi pé ó gbọ́dọ̀ fa ikùn sínú kí ó tó lè so okùn rẹ̀, bó bá sì ti mí padà, okùn a já. Ibi tí mo dàgbà sí, a kì í sọ pé ọba kú. Ọba wàjà ni. Mo pa ìwé náà dé, mo tún ṣí i. Ọmọ ọba wo ló ń sọ irú èyí nípa bàbá rẹ̀?

Bí Babur ṣe wọ inú mi nìyẹn. Ọkùnrin náà kì í fi omijé rẹ̀ pamọ́. Ní 1497 ó gba Samarkand, ìlú tí Timur bàbá ńlá rẹ̀ fi ṣe olú-ìlú. Ọgọ́rùn-ún ọjọ́ péré ló lò níbẹ̀ tó fi pàdánù rẹ̀, ó sì tún pàdánù Andijan tó jẹ́ ilé rẹ̀. Ó kọ ọ́ kedere pé òun sunkún gan-an. Nígbà tó di ọba Íńdíà, ó ṣàròyé pé kò sí èso àjàrà gidi níbẹ̀, kò sí bàrà tó dára, kò sí yìnyín, kò sí omi tútù. Nígbà tí wọ́n wá gbé bàrà kan dé láti Kabul, ìlú tó ti ń jọba kí ó tó dé Íńdíà, ó là á, ó jẹ ẹ́, ni ó bá bú sẹ́kún. Ní 1529, ìjì wó àgọ́ rẹ̀ lé e lórí níbi tó ti ń kọ̀wé lóru. Ìwé náà rin gbindin, ó sì jókòó ti iná, ó ń yan àwọn ojú ewé náà gbẹ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti ìrìn àjò inú yìnyín, nígbà tó ń ti Herat bọ̀ ní Kabul ní òpin 1506. Yìnyín dé wọn mọ́ orí òkè. Wọ́n rí ihò àpáta kan, àwọn èèyàn rẹ̀ ní kí ó wọlé. Ó kọ̀. Ó ní òun kò lè máa sùn nínú ooru kí àwọn tó tẹ̀lé òun máa jìyà nínú yìnyín. Ó gbẹ́ ihò fún ara rẹ̀ nínú yìnyín náà, ó sì jókòó síbẹ̀ títí yìnyín fi ga tó ìka mẹ́rin lórí rẹ̀ àti lẹ́yìn rẹ̀. Ẹ̀yìn ìgbà tí wọ́n yẹ ihò náà wò, tí wọ́n rí i pé ó gba gbogbo wọn, ni ó tó wọlé. Etí ń dùn ún lóru ọjọ́ náà. Mo ka ibẹ̀ fún àwọn ọmọ mi, inú wọn dùn sí ọba náà.

Lóòótọ́, mo ti rí ojú rẹ̀ kejì. Ní oṣù Kejìlá 1526, ìyá Ibrahim Lodi, ọba tí Babur ṣẹ́gun ní Panipat lọ́dún náà, mú kí wọ́n fi májèlé sínú oúnjẹ rẹ̀. Babur jẹ ẹ́, ó bì, ó yè. Ó wá ṣàlàyé ohun tó ṣe fún àwọn tó lọ́wọ́ nínú rẹ̀. Ẹni tó ń tọ́ oúnjẹ rẹ̀ wò, ó ní kí wọ́n gé e wẹ́lẹwẹ̀lẹ. Ó ní kí wọ́n bó awọ alásè láàyè. Obìnrin kan, wọ́n jù ú sábẹ́ erin. Èkejì, wọ́n yìnbọn fún un. Ohùn kan náà tó fi sọ ti bàrà ló fi sọ ọ́. Ṣùgbọ́n mo ní, ó kúkú sọ ọ́. Ẹni tó lè sọ èyí, kí ló tún kù tí yóò fi pamọ́ fún mi?

Bí mo ṣe ka ìwé náà tán nìyẹn, mo sì gbà pé mo mọ ọkùnrin náà.

Gbólóhùn kan wà tí mo kọjá lórí rẹ̀. Ní 1501, Babur tún wà ní Samarkand, Shaybani Khan, ọ̀tá rẹ̀ tó jẹ́ ọba àwọn Uzbek, sì dó ti ìlú náà. Ebi pa wọ́n débi pé àwọn tálákà ń jẹ ajá, wọ́n ń jẹ kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, ewé igi ni wọ́n sì ń fún ẹṣin jẹ. Níkẹyìn Babur àti ìyá rẹ̀ jáde lóru, ó sì sọ pé nígbà tí àwọn ń jáde yìí ni ẹ̀gbọ́n òun, Khanzada Begum, bọ́ sọ́wọ́ Shaybani Khan. Ó parí. Ó ń bá ìrìn lọ: bó ṣe ṣìnà lóru, bó ṣe ré bọ́ lórí ẹṣin. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọmọ ìyá kan náà ni Khanzada, ọdún márùn-ún ló fi jù ú lọ. Nígbà tí mo ka ibẹ̀, àánú Babur ló ṣe mí. Mo rí i bí ẹni tí nǹkan iyebíye bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lójú ọ̀nà.

Ó tó ọdún méjì kí n tó rí ìwé Gulbadan lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ọmọ bíbí inú Babur ni Gulbadan. Kò ju bí ọmọ ọdún mẹ́jọ lọ nígbà tí bàbá rẹ̀ kú ní 1530. Ó ti dàgbàlagbà kí ó tó kọ̀wé, nígbà tí Akbar, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ti jọba nígbà náà, ní kí ó kọ ohun tó bá rántí. Ó dé ibi Samarkand yìí, ó sì sọ tirẹ̀. Ó ní Shaybani Khan ránṣẹ́ pé bí Babur bá lè fi Khanzada ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fún òun fẹ́, àlàáfíà yóò wà láàárín àwọn. Níkẹyìn, nígbà tí kò sí ọ̀nà mìíràn, Babur fi í fún un, ó sì jáde kúrò nílùú.

Alẹ́ ni, iná kò sí. Mo ń túmọ̀ ibẹ̀ sí Yorùbá fún ìyàwó mi bí mo ṣe ń kà á lórí fóònù. Bí ọ̀rọ̀ náà ṣe jáde lẹ́nu mi, "ó fi í fún un," ni mo dákẹ́. Mo dìde lọ wá ìwé Babur, mo tan tọ́ọ̀ṣì sí i, mo wá ojú ewé náà, mo sì túmọ̀ òun náà: "ó bọ́ sọ́wọ́ wọn." Ìyàwó mi ní, "Èwo wá ni? Ṣé ó bọ́ ni àbí wọ́n fún un?" Nǹkan tó bọ́, kò sẹ́ni tó sọ ọ́ nù. Ṣùgbọ́n bí a bá ti sọ pé wọ́n fi ẹnìkan fún ẹnìkan, ẹni tó fi í fúnni wà níbẹ̀, kò síbi tó lè sá sí. Lẹ́yìn náà mo rí i pé Mirza Haidar náà, tí ìyá rẹ̀ àti ìyá Babur jẹ́ tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, sọ pé Babur fi Khanzada ra ẹ̀mí ara rẹ̀ ni. Ẹni méjì nínú ẹbí rẹ̀, nínú ìwé méjì.

N kò sọ pé kí ọmọ ọdún méjìdínlógún tí ebi ti pa mọ́ inú ìlú fún oṣù mélòó kan ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ohun tó dùn mí ni pé ó lè kọ nípa ikùn bàbá rẹ̀, ó lè kọ nípa awọ tí wọ́n bó lára èèyàn, ṣùgbọ́n kò lè kọ ọ̀rọ̀ kékeré yẹn.

Ọ̀rọ̀ náà kò jẹ́ kí n sùn, mo sì mọ ìdí rẹ̀. Nígbà tí ìyá wa kú, èmi ni ẹbí ní kí n kọ ìtàn wọn sínú ìwé ètò ìsìnkú, nítorí èmi ni mo mọ̀wé jù. Mo kọ nípa ọmọ kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó kan ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, mo kọ ọ́ pé "wọn kò láǹfààní láti tẹ̀síwájú nínú ẹ̀kọ́ wọn, wọ́n sì yan iṣẹ́ aṣọ rírán láàyò." Gbogbo ènìyàn kà á, kò sẹ́ni tó sọ nǹkan kan. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ni pé ní 1984 iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ Bàbá, owó ilé-ìwé kò sì ju ti ẹnìkan lọ. Àǹtí mi wà ní kíláàsì kẹta girama, ipò kìíní ni wọ́n sì ń mú. Èmi fẹ́ wọ kíláàsì kìíní. Wọ́n yọ wọ́n kúrò, wọ́n fi èmi sí i. Àǹtí lọ kọ́ṣẹ́ télọ̀, àwọn ni wọ́n sì rán yunifọ́ọ̀mù tí mo wọ̀ lọ sílé-ìwé. "Wọn kò láǹfààní." Èmi náà ti kọ gbólóhùn Babur, ogún ènìyàn ló sì bá mi ka àkọsílẹ̀ rẹ̀ kí a tó gbé e lọ sílé ìtẹ̀wé.

Láti ìgbà náà, n kò ka ìwé ọba kan ṣoṣo mọ́. Agbẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Bí ọba bá sọ tirẹ̀, mo máa ń wá ẹni tó wà nítòsí rẹ̀ lọ́jọ́ náà: obìnrin inú ilé, ọmọ ọ̀dọ̀, àlejò, ọ̀tá. Orí sì ṣe mí ire pé àwọn Mughal fi irú wọn sílẹ̀ púpọ̀. Akbar kò mọ̀wé kà, ṣùgbọ́n ó ní kí gbogbo ẹni tó bá ṣì rántí ìgbà Babur àti ti Humayun, ọmọ Babur tó jẹ́ bàbá òun, kọ ohun tí wọ́n mọ̀ sílẹ̀, kí àwọn akọ̀wé rẹ̀ lè rí i lò. Bí Gulbadan ṣe kọ̀wé nìyẹn. Bẹ́ẹ̀ náà ni Jauhar ṣe kọ tirẹ̀, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kí ó máa gbé bútà omi tẹ̀lé Humayun.

Ẹ wo ọjọ́ tí wọ́n bí Akbar, ní Umarkot, ní 1542. Abul Fazl, akọ̀wé àgbà Akbar, fi ojú ewé púpọ̀ ka ìràwọ̀ tó wà lójú ọ̀run lọ́jọ́ náà àti àmì tó ti ń ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Jauhar tó ń gbé bútà ní, ní tirẹ̀, pé Humayun ń sá kiri nínú aṣálẹ̀ lákòókò náà, kò ní kọ́bọ̀ tó lè fi ṣe àlejò. Ó ní kí wọ́n gbé àwo tánganran kan wá, ó fọ́ ẹyọ nǹkan olóòórùn dídùn kan sórí rẹ̀, ó pín in fún àwọn ìjòyè rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó ní ohun tí òun ní láti fi yọ̀ fún ọmọ òun nìyẹn. Bí n kò bá ka ti Jauhar, ìràwọ̀ nìkan ni ǹ bá mọ̀.

Ìwé Gulbadan tó wà láyé kò ju ẹyọ kan lọ, ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn ojú ewé ìparí rẹ̀ sì ti sọnù. Àárín gbólóhùn ló ti dúró, ní ibi tí Humayun ti ń pàṣẹ kí wọ́n fọ́ ojú Kamran àbúrò rẹ̀. Àbúrò Kamran náà ni Gulbadan tó ń sọ ọ́. N kò mọ̀ bó ṣe lágbára láti dé ibẹ̀ pàápàá. Jauhar wà níbẹ̀ ní tirẹ̀, ó sì sọ ọ́ tán: bí wọ́n ṣe fi irin gún ojú náà léraléra, bí wọ́n ṣe fún omi ọsàn wẹ́wẹ́ pẹ̀lú iyọ̀ sí i. Ibi tí ohùn àbúrò ti dákẹ́, ọmọ ọ̀dọ̀ ló parí rẹ̀.

Ti Akbar fúnra rẹ̀ rọrùn fún wa láti yé, nítorí a mọ oríkì. Bí mo ṣe ń gbọ́ oríkì ni mo ṣe ń ka Abul Fazl: òtítọ́ wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n a kì í fi oríkì jẹ́rìí ní kóòtù. Ẹni tó kù ni Badauni. Ní 1574 ni òun àti Abul Fazl jọ dé ààfin. Abul Fazl gòkè. Badauni, alùfáà Mùsùlùmí tó le koko, ni wọ́n ní kó máa túmọ̀ ìwé àwọn Híńdù bíi Mahabharata, inú rẹ̀ kò sì dùn sí i rárá. Ó kọ ìtàn tirẹ̀ ní kọ̀rọ̀, ó bu ọba, ó bu Abul Fazl, ó sì fi ìwé náà pamọ́. Ẹ̀yìn ikú Akbar ló tó tú síta. Ìbínú rẹ̀ pọ̀ jù nígbà mìíràn, mi ò sì gba gbogbo rẹ̀ gbọ́. Ṣùgbọ́n bí àwọn méjèèjì bá fẹnu kò lórí ohun kan, mo máa ń fà á nílà.

Jahangir, ọmọ Akbar, ló tún mú mi ronú jù lẹ́yìn Babur. Ó jọba ní 1605, òun náà sì kọ ìwé tirẹ̀. Ó sọ iye ẹran tí wọ́n pa níwájú rẹ̀ láti ọmọ ọdún méjìlá: 28,532, tó sì jẹ́ pé òun fọwọ́ ara rẹ̀ pa 17,167 nínú wọn. Ó sọ pé ọtí líle tí òun ń mu pọ̀ tó ife 20 lójúmọ́, 14 lọ́sàn-án, ìyókù lóru, débi pé ọwọ́ òun ń gbọ̀n, ẹlòmíràn ló ń gbé ife sí òun lẹ́nu. Ó sọ pé òun ló ní kí wọ́n dá Abul Fazl lọ́nà, kí wọ́n pa á, ní 1602, nítorí òun ń bẹ̀rù pé yóò ba òun jẹ́ lọ́dọ̀ bàbá òun, àti pé wọ́n gbé orí rẹ̀ wá fún òun ní Allahabad. Kò ní ó ṣèèṣì, kò sì fi sùn ẹnikẹ́ni. Ní ìwé kan náà, ó fi sùúrù ṣọ́ ẹyẹ àkọ̀ kan àti abo rẹ̀, ó kọ bí wọ́n ṣe ń gba ara wọn lórí ẹyin ní wákàtí sí wákàtí.

Mo ti rò pé ẹni tó bá fi ara rẹ̀ pamọ́ bíi Babur ni kí n ṣọ́ra fún. Jahangir kò fi nǹkan kan pamọ́ níbí, síbẹ̀ n kò rí i pé ó ronú nípa ìyàwó àti ọmọ Abul Fazl. Ẹni tó jẹ́wọ́ lè má kábàámọ̀. Àwọn kan sì wà tí wọn kò tilẹ̀ sí lójú rẹ̀. Thomas Roe, aṣojú ọba Gẹ̀ẹ́sì, lo ju ọdún mẹ́ta lọ ní Íńdíà láti 1615. Ó kọ ìwé ojoojúmọ́ nípa ibi tí ó dúró sí níwájú Jahangir, ẹ̀bùn tí ó mú wá, àti ohun tí ọba sọ fún un. Mo wá orúkọ rẹ̀ títí nínú ìwé Jahangir. Kò sí. Àwọn àkọ̀ náà wà níbẹ̀.

Mo ní ìwé àkọsílẹ̀ kékeré kan báyìí tí mo máa ń kọ orúkọ sí, nítorí ẹnìkan a máa jẹ́ Salim kó tó di Jahangir, ọmọ rẹ̀ a máa jẹ́ Khurram kó tó di Shah Jahan, ọdún Mùsùlùmí a sì máa yàtọ̀ sí tàwa. Mo tún ń kọ ibi tí ìwé ti dákẹ́. Ohun tí Babur kọ láti 1508 títí di 1519 ti sọnù pátápátá, àárín ọdún wọ̀nyí gan-an ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sì padà dé.

Ọpẹ́lọpẹ́ pé ó ti sọ èyí síbòmíràn. Àwọn ọmọ ogun Shah Ismail ti Páṣíà pa Shaybani Khan ní Merv ní 1510, Shah náà sì dá Khanzada padà fún àbúrò rẹ̀ ní Kunduz tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Ó ti tó ọdún mẹ́wàá. Babur ní òun lọ bá a, òun sọ̀rọ̀ sí i, ṣùgbọ́n Khanzada àti àwọn tó wà lọ́dọ̀ rẹ̀ kò dá òun mọ̀. Ó pẹ́ díẹ̀ kí wọ́n tó mọ̀ pé òun ni.

Nígbà tí Àǹtí mi wá lo ọdún Kérésì lọ́dọ̀ wa, mo sọ ìtàn náà fún wọn láti ìbẹ̀rẹ̀, ní Yorùbá. Wọ́n ń ṣẹ́ ẹ̀fọ́ lọ. Nígbà tí mo parí, wọ́n ní, "Ìgbà tó wá dá a mọ̀ tán, kí ló sọ?" Mo ní kò sí nínú ìwé. Khanzada kò kọ ìwé kankan. Mo sọ èyí tó wà fún wọn: Gulbadan ní, nígbà tí Khanzada darúgbó, bí ó bá rí Akbar tó ṣì wà ní ìkókó, a máa fẹnu ko ọwọ́ àti ẹsẹ̀ ọmọ náà, a ní ọwọ́ àti ẹsẹ̀ Babur àbúrò òun gan-an nìyí. Àǹtí dákẹ́. Wọ́n ń wo ẹ̀fọ́ ọwọ́ wọn.

Mo wá sọ ohun tó wà nínú mi. Mo ní mo fẹ́ tún ìtàn ìyá wa kọ, ti inú ìwé ètò ìsìnkú yẹn kò péye, mo fẹ́ kọ ọ́ pé Bàbá yọ wọ́n kúrò nílé-ìwé nítorí tèmi. Mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n fúnra wọn sọ ọ́, kí n máa gbà á sílẹ̀. Mo gbé fóònù sí àárín wa, mo tẹ̀ ẹ́.

"Má kọ ọ́ bẹ́ẹ̀," ni ohun àkọ́kọ́ tó wà lórí fóònù náà. "Bàbá ò yọ mí. Bàbá ò tíì la ẹnu rárá, wọ́n ti jókòó sẹ́yìnkùlé láti àárọ̀. Èmi ni mo lọ bá wọn. Mo ní kí wọ́n jẹ́ kí ọmọ yẹn lọ. Wọ́n wo ojú mi, wọ́n ní, 'Ṣé ó dá ọ lójú?' Mo ní ó dá mi lójú. Kò dá mi lójú o. Mo sunkún títí ilẹ̀ fi mọ́, Màámi nìkan ló mọ̀."

Wọ́n gbé abọ́ ẹ̀fọ́ náà sílẹ̀, wọ́n na ọwọ́ sí fóònù náà bíi pé wọ́n fẹ́ rí i bóyá ó ń ṣiṣẹ́.

"Ṣé ó gbà á sílẹ̀? Ó dáa. Jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n ra ẹ̀rọ ìránṣọ náà."